Fláàṣì Ẹ̀bá Títì Kì í Ṣe Afinimọ̀nà

Kí Ọlọ́run má jẹ́ kí a rìn ní ọjọ́ tí ebi ń pa ọ̀nà. Àdúrà yìí ni àwọn bàbá wa máa ń gbà fún ọmọ tí ó bá fẹ́ rin ìrìn àjò, àwa náà sì ń ṣe àmín sí i láìmọye ìgbà. Ṣùgbọ́n ní àkókò tiwa yìí, a rí i pé ẹlòmíràn a máa ṣe àmín tán, a sì fi ọwọ́ ara rẹ̀ gbé oúnjẹ fún ọ̀nà. Ọ̀rọ̀ irú àwọn bẹ́ẹ̀ ni a mú wá lónìí, bí ó bá sì kan ẹnikẹ́ni nínú yín, kí ó má bínú sí wa, nítorí pé ó kan àwa náà.

Láìpẹ́ yìí, àwọn ọmọ ẹgbẹ́ wa méjì dìde síra wọn, ẹ̀ka wa sì jókòó láti là wọ́n. Ọ̀kan jẹ́ àgbà oníṣòwò tí ó ti pẹ́ nílẹ̀ yìí. Èkejì jẹ́ ọ̀dọ́mọkùnrin tí ó ń fi láptọ́ọ̀pù ṣiṣẹ́ lára mọ́tò lẹ́bàá títì. Bàbá náà ra tòkunbọ̀ kan tí máàpù wà lójú skírìnì rẹ̀, ṣùgbọ́n máàpù Amẹ́ríkà ni. Ọ̀dọ́mọkùnrin yìí sọ fún un pé òun yóò bá a fi máàpù Nàìjíríà sí i, òun yóò sì ṣe àpídéètì gbogbo ohun tí ń bẹ nínú rẹ̀. Ó ki fláàṣì kan bọ̀ ọ́. Kò tó wákàtí méjì tí owó fi ti ọwọ́ ẹnìkan bọ́ sí ọwọ́ ẹnìkejì. Máàpù Nàìjíríà yọ lóòótọ́, inú àwọn méjèèjì sì dùn.

Ní ọjọ́ kẹta, bàbá yìí gbéra lọ sílé fún ìsìnkú ìyá ìyàwó rẹ̀. Ó kọjá Gwagwalada, ó kọjá Abaji. Kí ó tó dé Lọ́kọ́ja, skírìnì kú, ó jí, ó tún kú. Òjò dé, ilẹ̀ sì ti ṣú. Nínú skírìnì yẹn ni ibi tí a ti ń tan ẹ̀rọ atẹ́gùn mọ́tò náà wà. Nítorí náà, nígbà tí ooru ara wọn bo gíláàsì iwájú, kò sí atẹ́gùn tí yóò gbá a kúrò. Wọ́n ń fi aṣọ nù ún, ó ń bò ó padà. Ó di dandan kí wọ́n dúró ní apá ọ̀nà kan tí gbogbo wa mọ̀ pé kì í ṣe ibi tí ènìyàn í dúró sí lóru, òun, ìyàwó rẹ̀ àti ọmọ méjì, títí òjò fi dá. Ọlọ́run kó wọn yọ. Wọ́n sùn sí Lọ́kọ́ja. Nígbà tí ilẹ̀ mọ́, bátìrì ti kú fin-ín-fin-ín, nítorí pé ohun tí ń kú tí ń jí náà kò sùn ní gbogbo òru. Kí wọ́n tó rí ẹni bá wọn jí mọ́tò, kí wọ́n tó dé ilé, wọ́n ti sin òkú tán.

Apá tiwa nínú ọ̀rọ̀ náà nìyí. Bátìrì mọ́tò ni àwa akọ̀wé yín ń tà nínú ọjà. Nígbà tí bàbá náà padà dé Zuba, ọ̀dọ̀ wa ni ó ti wá ra bátìrì tuntun. Ọ̀sẹ̀ kan kò pé tí tuntun náà fi kú. Ó gbé e padà wá, ó pariwo wa láàárín ọjà pé ayédèrú ni a tà fún òun, pé ọmọ Yorùbá ẹgbẹ́ òun ni ó lu òun ní jìbìtì. Ẹ̀yin tí ẹ ń tajà mọ bí ọ̀rọ̀ yẹn ti ń dun ni tó. A pe oníwáyà mọ́tò, ó fi míta wọn iná. Kọ́kọ́rọ́ ti kúrò lójú ihò, ilẹ̀kùn ti wà ní títì, síbẹ̀ skírìnì ń jẹ iná bí ẹni pé ojú ọ̀nà ni mọ́tò wà. Bẹ́ẹ̀ ni a ṣe mọ ibi tí òjò ti ń pa igún bọ̀.

Nígbà tí a jókòó, ọ̀dọ́mọkùnrin náà dọ̀bálẹ̀, ó ní, “Bàbá, ẹ má bínú. Mo ti ṣe irú rẹ̀ fún ọ̀pọ̀ ènìyàn, tiwọn kò kú.” Bàbá náà ní, “Ṣé nítorí pé ti ẹlòmíràn kò kú ni tèmi kò fi kú?” A bi ọmọ náà ní ìbéèrè mẹ́ta. Ta ni ó ṣe ohun tí ń bẹ nínú fláàṣì rẹ? Ó ní òun kò mọ̀ ọ́n, orí íntánẹ́ẹ̀tì ni òun ti rí i. Ǹjẹ́ o pa ti tẹ́lẹ̀ mọ́ síbì kan, kí o lè dá a padà bí tuntun kò bá gbà? Ó ní rárá. Bí ó bá bàjẹ́, ta ni yóò san án? Kò dáhùn. Àìdáhùn yẹn ni ó mú wa kọ ohun tí ẹ ń kà yìí.

Ẹ jẹ́ kí a kọ́kọ́ mọ ohun tí a ń sọ. Ìwé mẹ́fà ni àwa kà, ṣùgbọ́n a ti ń bi àwọn tí ó mọ iṣẹ́ náà léèrè, a sì ti kà nípa rẹ̀. Ohun mẹ́ta ni ó parapọ̀ di afinimọ̀nà inú mọ́tò. Èkíní ni àmì tí ń ti ọ̀dọ̀ sátẹ́láìtì wá láti òkè ọ̀run. Àwọn ará Amẹ́ríkà ni ó gbé GPS síbẹ̀, ọ̀fẹ́ sì ni fún gbogbo ayé. Kò gba owó, kò gba dátà. Ibi tí o wà ni ó lè sọ fún ọ. Kò mọ̀ bóyá títì ni tàbí oko ẹ̀gẹ́. Èkejì ni máàpù, èyí tí ó mọ títì, tí ó sì ń gbó bí ìwé ti í gbó, nítorí pé lójoojúmọ́ ni wọ́n ń la ọ̀nà tuntun ní Àbújá yìí. Ẹ̀kẹta ni ètò iṣẹ́ tí ilé iṣẹ́ kọ sínú kọ̀ǹpútà skírìnì náà, èyí tí í sọ fún un bí yóò ti jí, bí yóò ti sùn, àti bí yóò ti bá àwọn ẹ̀yà ara mọ́tò yòókù sọ̀rọ̀. Ẹ̀kẹta yìí ni ọkàn rẹ̀. Ẹni tí ó bá fi máàpù tuntun sí i, ìwé ni ó pààrọ̀. Ẹni tí ó bá fọwọ́ kan ẹ̀kẹta, ọkàn ni ó yà á.

Àwọn ilé iṣẹ́ tí í ṣe mọ́tò mọ èyí, nítorí náà ọ̀pọ̀ nínú wọn fi èdìdì sí i. Bí o bá gbé àpídéètì wá, skírìnì yóò yẹ̀ ẹ́ wò bóyá èdìdì ilé iṣẹ́ wà lára rẹ̀. Àwọn mìíràn bíi BMW a tún máa béèrè kóòdù tí a ṣe fún mọ́tò kan ṣoṣo péré, tí kò lè ṣí òmíràn. Báwo wá ni fláàṣì ẹ̀bá títì ṣe ń wọlé? Níbi tí èdìdì bá wà, ọ̀nà méjì ni ó sábà máa ń gbà: bóyá kí ó jí èdìdì, tàbí kí ó kọ́kọ́ fọ́ ojú ẹ̀ṣọ́ tí ń yẹ èdìdì wò. Ẹ̀ṣọ́ tí a bá fọ́ lójú lónìí kò ní padà ríran lọ́la nígbà tí olè tòótọ́ bá dé. Ẹ̀yin tí ẹ gba mẹ́gádì sí ẹnu ọ̀nà yín, ṣé ẹ óò gbà kí káfíńtà tí ẹ pè wá tún ilẹ̀kùn ṣe fọ́ ojú mẹ́gádì kí ó tó wọlé?

Ẹ̀gbọ́n kan nínú ọjà sọ fún wa pé, “Ẹ̀yin akọ̀wé, ẹ ti ń sọ ọ̀rọ̀ di ńlá. Rédíò lásán ni. Bí ó bá kú, mọ́tò yóò ṣì máa rìn.” Ọ̀pọ̀ ènìyàn ni ó gbà bẹ́ẹ̀, àwa náà gbà bẹ́ẹ̀ rí. Ẹ gbọ́ ohun tí ó ṣẹlẹ̀ ní Amẹ́ríkà ní ọdún 2015. Àwọn ọkùnrin méjì kan tí wọ́n mọ kọ̀ǹpútà, Charlie Miller àti Chris Valasek, jókòó sínú ilé, wọ́n sì gba inú rédíò mọ́tò Jeep Cherokee kan wọlé nígbà tí ó ń sáré lọ lójú títì gidi. Akọ̀ròyìn kan ni ó ń wa mọ́tò náà, ó sì ti fọwọ́ sí i kí wọ́n dán an wò. Wọ́n tan ẹ̀rọ atẹ́gùn, wọ́n tan wáípà, wọ́n gbé ohùn rédíò sókè. Lẹ́yìn náà ni wọ́n gba agbára ìrìn lọ́wọ́ mọ́tò náà lójú títì, tí ó fi ń fà bí ìgbín láàárín àwọn tírélà. Nígbà tí wọ́n dé ibi gbàgede, wọ́n gba bíréèkì lọ́wọ́ rẹ̀, mọ́tò sì lọ wó sínú kòtò. Báwo ni wọ́n ṣe ṣe é? Wọ́n tún ètò kan kọ nínú kọ̀ǹpútà kékeré tí ó wà láàárín rédíò àti wáyà tí ẹ́ńjìnnì òun bíréèkì fi ń bá ara wọn sọ̀rọ̀. Ilé iṣẹ́ tí ó ṣe mọ́tò náà pe mílíọ̀nù 1.4 mọ́tò padà fún àtúnṣe. Ẹ tún bi ara yín: ṣé rédíò lásán ni?

Ẹ kíyè sí i pé àwọn méjì yìí kì í ṣe olè. Wọ́n ti sọ fún ilé iṣẹ́ náà kí wọ́n tó sọ fún ayé. Iṣẹ́ ọ̀pọ̀ oṣù ni wọ́n fi wá ihò tí wọ́n gbà wọlé. Àwa ní tiwa, a ń sanwó fún ẹni tí a kò mọ̀ kí ó wá lu ihò náà fún wa.

Ohun kan tún wà nínú ìtàn yẹn tí ó yẹ kí a fi kọ́gbọ́n. Nígbà tí ilé iṣẹ́ náà ń ṣe àtúnṣe, wọ́n fi fláàṣì ránṣẹ́ sí àwọn onímọ́tò láti ilé ìfìwéránṣẹ́ pé kí wọ́n fúnra wọn kì í bọ̀ ọ́. Àwọn tí ó mọ̀ nípa ààbò kọ̀ǹpútà bá wọn wí gidigidi. Wọ́n ní bí ẹ bá kọ́ ará ìlú pé kí wọ́n máa ki fláàṣì tí ó bá ti inú àpò ìwé jáde bọ mọ́tò wọn, lọ́jọ́ wo ni wọn yóò mọ ti olè yàtọ̀? Fláàṣì ojúlówó ni wọ́n ń bá wí bẹ́ẹ̀, tí orúkọ ilé iṣẹ́ wà lára rẹ̀. Kí ni wọn ì bá sọ nípa èyí tí a so mọ́ kọ́kọ́rọ́ lẹ́gbẹ̀ẹ́ páàkì Zuba?

Bí ẹnikẹ́ni bá sì rò pé ohun kékeré kò lè pa skírìnì, kí ó gbọ́ ti Seattle. Ní ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 2022, ilé iṣẹ́ rédíò kan tí ń jẹ́ KUOW ní ìlú náà fi àwòrán ránṣẹ́ pẹ̀lú ohùn wọn, gẹ́gẹ́ bí rédíò ìgbàlódé ti í ṣe. Orúkọ àwọn àwòrán náà kò pé. Ìrù tí í sọ fún kọ̀ǹpútà pé “àwòrán ni mí” kò sí níbẹ̀. Àwọn mọ́tò Mazda kan tí a ṣe láàárín 2014 sí 2017, tí wọ́n ń gbọ́ rédíò yẹn lọ́wọ́, bẹ̀rẹ̀ sí kú, wọ́n ń jí. Máàpù lọ, kámẹ́rà ẹ̀yìn lọ, wọn kò sì lè yí rédíò kúrò ní 94.9 mọ́. Iye tí wọ́n dá lé ẹ̀rọ tuntun tó 1,500 dọ́là. Kò sí ẹni tí ó kì fláàṣì bọ ohunkóhun, kò sí ẹni tí ó fẹ́ ibi. Bí àìpé orúkọ bá lè ṣe bẹ́ẹ̀, kí ni odidi ètò tí ẹni àìmọ̀ tún kọ kò ní lè ṣe?

Ṣé ìyẹn ni pé àpídéètì ilé iṣẹ́ kì í bàjẹ́? Àwa kì í purọ́ nínú ìwé yìí. Ó ń bàjẹ́. Ní oṣù kẹfà ọdún 2016, ìsọfúnni kan tí a fi ránṣẹ́ láti ojú òfuurufú sí àwọn mọ́tò Lexus mú kí skírìnì ọ̀pọ̀ nínú wọn ní Amẹ́ríkà máa kú kí ó sì máa jí bíi ti bàbá tiwa. Ṣùgbọ́n ilé iṣẹ́ náà jáde, ó jẹ́wọ́, ó sì ní kí àwọn onímọ́tò gbé e wá sọ́dọ̀ àwọn fún àtúnṣe. Ìyàtọ̀ ibẹ̀ nìyẹn. Ojúlówó lè ṣàṣìṣe, ṣùgbọ́n ó ní ilé tí a lè lọ kan ilẹ̀kùn rẹ̀. Ilé wo ni ti fláàṣì ẹ̀bá títì? Ọmọ tí ó tà á fún ọ kò mọ ẹni tí ó ṣe é. Ẹni tí ó ṣe é kò mọ̀ pé Zuba wà láyé. Bí ọ̀ràn bá dé, ìwọ àti ọmọ aládùúgbò rẹ ni ẹ óò máa wo ojú ara yín níwájú ìgbìmọ̀.

Ọ̀ràn kan tún wà tí ó ń ba àwa lẹ́rù ju ti skírìnì lọ, pàápàá nílẹ̀ tí a wà yìí. Inú afinimọ̀nà mọ́tò ni a ti ń kọ “Ilé” sí, kí ó lè darí wa padà. Ibẹ̀ ni ó ti mọ ìsọ̀ wa, ilé ìwé ọmọ wa, ilé àna wa. Bí a bá so fóònù wa mọ́ ọn, ó ń da orúkọ àti nọ́ńbà gbogbo ẹni tí a mọ̀ kọ. Nígbà tí a bá gbé mọ́tò fún àjèjì tí ó so láptọ́ọ̀pù rẹ̀ mọ́ ọn fún wákàtí méjì, a ti gbé ìwé ayé wa lé e lọ́wọ́. A kò sọ pé ẹnikẹ́ni ní Zuba ti fi irú rẹ̀ ṣe ibi. Àwọn ọmọ wa tí ń ṣe iṣẹ́ yìí kì í ṣe ọ̀daràn. Ṣùgbọ́n ẹ̀yin tí ẹ ń sá fún ajínigbé lójú ọ̀nà Kàdúná, tí ẹ kì í sọ ọjọ́ tí ẹ óò rìn fún aládùúgbò, ẹ ti gbàgbé pé ẹ fi àdírẹ́sì ilé sílẹ̀ nínú mọ́tò tí ẹ gbé fún ẹni tí ẹ kò mọ orúkọ bàbá rẹ̀. Òfin ìdáàbòbò ìsọfúnni ara ẹni ti wà ní Nàìjíríà láti ọdún 2023, ṣùgbọ́n òfin kò lè ṣọ́ ilẹ̀kùn tí onílé fi ọwọ́ ara rẹ̀ ṣí sílẹ̀.

Ní ti máàpù fúnra rẹ̀, ẹni tí ó jí i kó kì í sọ ọdún tí a yà á. Ó lè kọ 2025 sí ara ohun tí a ṣe ní 2016, ta ni yóò já a? Ọ̀nà tí ó ti di ọ̀nà kan ṣoṣo, máàpù yóò ní kí o gbà á padà. Ní ọdún 2022, nígbà tí omi Ọya kún tí ó bo títì lápá Lọ́kọ́ja àti Koton Karfe, tí tírélà tò fún ọjọ́ púpọ̀, kò sí máàpù inú skírìnì tí ó mọ̀. Àwọn awakọ̀ páàkì ni ó mọ̀, fóònù ni ó sì gbé ìròyìn náà kiri. Ẹni tí ó bá fọkàn tán skírìnì ju awakọ̀ páàkì lọ ní irú ọjọ́ bẹ́ẹ̀, yóò bá ara rẹ̀ níbi tí ẹja ń lúwẹ̀ẹ́.

A mọ̀ pé ẹ ní ìdí tiyín, a kò sì ní fi ọwọ́ rọ́ ọ sẹ́yìn. Ẹ ní ojúlówó wọ́n. Òtítọ́ ni. Ẹ ní àwọn ilé iṣẹ́ mìíràn kò tilẹ̀ ta máàpù Nàìjíríà fún mọ́tò tí wọ́n ṣe fún ọjà Amẹ́ríkà. Òtítọ́ ni èyí náà, ìwà àìdára sì ni. Wọ́n mọ̀ pé ọmọ aráyé yóò ta mọ́tò náà lẹ́yìn ọdún mélòó kan, wọ́n mọ̀ pé yóò dé Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà, síbẹ̀ wọ́n ń ṣe bí ẹni pé ọkọ̀ náà kú lọ́jọ́ tí ó wọ ọkọ̀ ojú omi. Ìyẹn tọ́ láti bá wọn jà lé lórí. Ilẹ̀ Yúróòpù ti ṣòfin lé ọ̀rọ̀ yìí: láti oṣù keje ọdún 2024, mọ́tò tuntun tí a óò tà níbẹ̀ gbọ́dọ̀ tẹ̀lé ìlànà Àjọ Ìṣọ̀kan Àgbáyé tí a ń pè ní 156, tí ó ní kí ilé iṣẹ́ fi hàn bí òun yóò ti máa ṣe àpídéètì láìfi ẹ̀mí ẹnikẹ́ni wewu. Ó yẹ kí àwọn aláṣẹ tiwa náà máa béèrè pé kí ni tòkunbọ̀ tí ń wọlé gbé dání. Ṣùgbọ́n nítorí pé olówó rẹ́ wa jẹ kò sọ pé kí a lọ gbé ọmọ wa fún afọ́jú kí ó gbé e pọ̀n gun òkè.

Ẹlòmíràn tún ní, “Ẹ̀yin ń ba iṣẹ́ ọmọ wa jẹ́. Ẹ jẹ́ kí wọ́n jẹun.” Ọ̀rọ̀ yìí wọ̀ wá lára, nítorí pé àwa náà bí ọmọ, a sì mọ bí iṣẹ́ ti ṣọ̀wọ́n tó. Ẹ̀yin ọmọ wa tí ẹ ń fi láptọ́ọ̀pù ṣiṣẹ́, orí yín pé, ọwọ́ yín sì mọ́. Ohun tí ẹ ń ṣe gba ọgbọ́n ju ohun tí àwa ń ṣe lọ. Nítorí ọgbọ́n yẹn gan-an ni a fi ń bá yín wí. Oníṣẹ́ tí kò lè dá ohun tí ó bàjẹ́ padà kò tíì kọ́ṣẹ́ tán. Kò sí ọ̀gá mẹkáníìkì tí yóò tú ẹ́ńjìnnì láìmọ bí yóò ti dè é padà. Ẹ sì tún mọ̀ pé òfin Nàìjíríà lórí ẹ̀tọ́ oníṣẹ́ ọpọlọ, tí a fọwọ́ sí ní oṣù kẹta ọdún 2023, dáàbò bo ètò kọ̀ǹpútà bí ó ti dáàbò bo ìwé àti orin. Ẹni tí ó bá ń ta máàpù ajíkó ń tajà lórí ilẹ̀ tí wọ́n lè gbà lọ́wọ́ rẹ̀ lọ́jọ́ tí wọ́n bá rántí rẹ̀. Ẹ kọ́ bí a ti ń wá àbùkù mọ́tò, ẹ kọ́ bí a ti ń tún kámẹ́rà àti wáyà ṣe; ìyẹn jẹ́ iṣẹ́ tí ẹ lè kọ orúkọ yín sí ìwájú ìsọ̀.

Ẹ rántí pé àlejò ni wá níbi. A ti pẹ́ nílẹ̀ yìí, a kọ́lé, a bímọ, ṣùgbọ́n kì í ṣe àwa ni onílẹ̀. Nígbà tí bàbá yẹn ń pariwo wa láàárín ọjà, kì í ṣe orúkọ tiwa nìkan ni ó ń bàjẹ́. Àwọn tí ó dúró wò kò mọ orúkọ ẹnikẹ́ni nínú wa, ohun tí wọ́n ń sọ ni pé, “Àwọn Yorùbá ń lu ara wọn ní jìbìtì.” Ilé ni a ti ń kó ẹ̀ṣọ́ ròde. Bí a bá lè tan ara wa, ta ni yóò gbà pé a kò ní tan òun?

Kí ni kí a wá ṣe? Ohun àkọ́kọ́ kò ní ná yín ní kọ́bọ̀. Fóònù tí ó wà nínú àpò yín ní máàpù. Kí ẹ tó kúrò nílé, nígbà tí íntánẹ́ẹ̀tì dára, ẹ ṣí Google Maps, kí ẹ gba máàpù ọ̀nà yín sílẹ̀ sínú fóònù láti Zuba títí dé ilé. Nígbà tí ẹ bá dé inú igbó tí kò sí nẹ́tíwọ́ọ̀kì, yóò ṣì máa fi ibi tí ẹ wà hàn yín, nítorí pé àmì sátẹ́láìtì kì í jẹ dátà. Ẹ so fóònù mọ́ iwájú mọ́tò dáadáa, kí ẹnìkejì yín sì máa wò ó. Ẹni tí ń wakọ̀ kò gbọ́dọ̀ máa tẹ̀ ẹ́. Bí fóònù bá kú, fóònù nìkan ni ó kú. Bíréèkì kò mọ̀ sí i, ẹ̀rọ atẹ́gùn kò mọ̀ sí i.

Ohun kejì: bí skírìnì mọ́tò yín bá ń ṣiṣẹ́, tí máàpù Amẹ́ríkà wà nínú rẹ̀, ẹ fi í sílẹ̀. Máàpù Amẹ́ríkà kò pa ẹnikẹ́ni ní Zuba rí. Bí ẹ bá fẹ́ ojúlówó dandan, ẹ bi aṣojú ilé iṣẹ́ tí ó ṣe mọ́tò náà léèrè pẹ̀lú nọ́ńbà ẹ̀ńjìnnì àti nọ́ńbà ara mọ́tò yín. Bí wọ́n bá ní kò sí, kò sí náà nìyẹn. Bí ẹ bá ṣẹ̀ṣẹ̀ ra tòkunbọ̀, ẹ pa gbogbo orúkọ àti àdírẹ́sì ẹni tí ó ni í tẹ́lẹ̀ rẹ́ kúrò nínú rẹ̀, kí ẹ sì pa tiyín rẹ́ lọ́jọ́ tí ẹ bá fẹ́ tà á.

Ohun kẹta kan ẹgbẹ́. Àwa akọ̀wé yín yóò gbé àbá kan wá sí ìpàdé gbogbogbòò tí ń bọ̀, kí ẹ sì ti máa rò ó láti ilé. Àbá náà ni pé ọmọ ẹgbẹ́ yòówù tí ó bá fẹ́ fọwọ́ kan kọ̀ǹpútà inú mọ́tò ọmọ ẹgbẹ́ gbọ́dọ̀ kọ risíìtì tí orúkọ rẹ̀ wà níbẹ̀, kí ó sọ ibi tí ohun tí ó fẹ́ fi sí i ti wá, kí ó pa ti àtijọ́ mọ́, kí ó sì gbà láti dá a padà bí ó bá bàjẹ́. Ẹni tí kò bá lè ṣe mẹ́rẹ̀ẹ̀rin, kí ó má ṣe fọwọ́ kàn án. Onímọ́tò tí ó bá sì gbé e fún ẹni tí kò kọ risíìtì, kí ó má ṣe pe ìgbìmọ̀ láti wá bá a gba owó. Àwa mọ̀ pé àwọn kan yóò bínú. Kí wọ́n wá, kí wọ́n sọ tiwọn. Ìpàdé ni a fi ń sọ̀rọ̀.

Ẹ óò fẹ́ mọ bí ìjà náà ti parí. Ọ̀dọ́mọkùnrin náà dá owó tí ó gbà padà, kò sì ní èyí tí yóò fi ra skírìnì. Bàbá náà yọ skírìnì kúrò, ó ń fi fóònù wo ọ̀nà báyìí; ihò ṣófo níwájú mọ́tò rẹ̀ bí ẹnu àgbà tí eyín ti yọ. Bátìrì tí ó rà lọ́wọ́ wa ń ṣiṣẹ́ dáadáa láti ọjọ́ yẹn. Ó wá bẹ̀ wá nínú ìsọ̀, a sì ti gbàgbé ọ̀rọ̀ náà. Ohun tí kò tíì gbàgbé, gẹ́gẹ́ bí ó ti sọ fún wa, ni pé ìyàwó rẹ̀ kò fojú kan ìyá rẹ̀ kí wọ́n tó bò ó mọ́lẹ̀. Kò sí fláàṣì tí ó lè ṣe àpídéètì ìyẹn.

Ẹ kú ojú lọ́nà. Kí á máa rìn ire o.

Àwa ni tiyín,
Akọ̀wé Ẹ̀ka, Zuba.